One Week (1920): tọkọtaya tuntun, ilé inú àpótí, ọ̀sẹ̀ kan péré

Ẹ jọ̀ọ́, tẹ́ ẹ bá ní ogún ìṣẹ́jú lálẹ́ òní, ẹ fi wo fíìmù yìí. One Week lorúkọ ẹ̀, oṣù September 1920 ló jáde, Buster Keaton àti Eddie Cline ni wọ́n jọ darí ẹ̀, Keaton fúnra ẹ̀ ló ṣe ọkọ, Sybil Seely ló ṣe ìyàwó. Kò lóhùn, kò ní kálà, ó ti lé ní ọgọ́rùn-ún ọdún, àmọ́ nínú gbogbo fíìmù tọkọtaya tí mo ti wò láyé mi, ti òyìnbó o, ti Yorùbá o, mi ò tíì rí èyí tó wọ̀ mí lára tó o, ẹ jẹ́ n sọ ìdí ẹ̀.

Bó ṣe dọ́wọ́ wa nìyí. Màámi wá láti Ògbómọ̀ṣọ́ láti wá bá mi wẹ ọmọ, wọn ò gbọ́ òyìnbó, tá a bá ti fi fíìmù òyìnbó sí i lálẹ́ wọ́n á máa bi mí "kí ló wí? kí ló wí?", kí n tó túmọ̀ ẹyọ kan àwọn inú fíìmù á ti sọ mẹ́ta míì, kò sẹ́ni tó ń gbádùn ẹ̀ nínú wa. Ọkọ mi wá ní ká wo àwọn fíìmù ìgbà tí sinimá ò tíì lè sọ̀rọ̀, pé ìṣe ni wọ́n fi ń sọ gbogbo nǹkan, ìwé pélébé kan á kàn máa yọ lójú lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan láti sọ ohun tí wọ́n bára wọn sọ. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í ka ìwé yẹn fún màámi ní Yorùbá. Kò tó ìṣẹ́jú márùn-ún tí wọ́n fi gbá mi lọ́wọ́, "Àjọkẹ́, jẹ́ n ráyè wo nǹkan jàre, ṣé mi ò lójú ni?" Mo dákẹ́. Àtìgbà yẹn títí tó fi parí, wọn ò bi mí ní nǹkan kan.

Ìtàn ẹ̀ ò le rárá. Kàlẹ́ńdà ara ògiri ni wọ́n fi ń ka ọjọ́, ewé kan á já, ọjọ́ tuntun á bẹ̀rẹ̀. Mọ́ńdè ni wọ́n fi bẹ̀rẹ̀, ọkọ àti ìyàwó ń jáde bọ̀ láti ṣọ́ọ̀ṣì, àwọn èèyàn ń da ìrẹsì lé wọn lórí, wọ́n tún ń ju bàtà àlòkù lù wọ́n, àṣà òyìnbó ayé ìgbà yẹn ni, oríire ni wọ́n fi ń bá wọn wá. Ọkọ bẹ̀rẹ̀, ó mú bàtà kan nílẹ̀, ó wò ó tinú tẹ̀yìn, ó rí i pé ó máa bá òun lẹ́sẹ̀ mu, ló bá kó o dání. Ọjọ́ ìgbéyàwó ẹ̀ nìyẹn o! Nínú nǹkan kékeré yẹn lo ti máa mọ̀ pé àwọn méjèèjì ò lówó, wọn ò sì fi ṣe ìtìjú.

Ẹ̀bùn ìgbéyàwó wọn ti wà nílẹ̀, Uncle Mike fún wọn ní ilé àti ilẹ̀ tí wọ́n máa kọ́ ọ sí, àmọ́ inú àpótí ni ilé náà wà, pákó tí wọ́n ti gé sílẹ̀ lóríṣiríṣi, nọ́ńbà wà lára àpótí kọ̀ọ̀kan, ìwé kan sì wà tó sọ pé kí wọ́n tò ó bí nọ́ńbà ṣe tẹ̀ léra. Ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Hank wà ńbẹ̀ tó fẹ́ fẹ́ ìyàwó yìí tẹ́lẹ̀ tí kò rí i fẹ́. Ó wò yíká, kò sẹ́nì kankan nítòsí, ó mú ọ̀dà, ó sọ 1 di 4, ó sọ 3 di 8. Màámi pariwo "olórí burúkú!", ọmọ tí mo ti fi wákàtí kan rẹ̀ sílẹ̀ bá jí.

Ẹni tí kò bá mọ̀ lè rò pé wọ́n kàn dá ọ̀rọ̀ ilé inú àpótí yẹn sílẹ̀ ni. Rárá o. Láti 1908 ni iléeṣẹ́ Sears ti ń ta odindi ilé nínú kátálọ́ọ̀gì ní Amẹ́ríkà bí ẹni ń ta sòkòtò, wàá mú èyí tó wù ẹ́, wàá sanwó, réluwé á kó pákó, ìṣó, fèrèsé, ilẹ̀kùn, gbogbo ẹ̀ wá bá ẹ ní ìlú ẹ, ìwé àlàyé á bá a wá, ó kù sọ́wọ́ ìwọ àti àwọn ẹni ẹ. Ní 1919 iléeṣẹ́ Ford tiẹ̀ ṣe fíìmù kékeré kan tó fi han aráyé bí wọ́n ṣe ń kọ́ irú ilé bẹ́ẹ̀, ara ìyẹn ni Keaton ti mú tiẹ̀ jáde. Àwọn tó jókòó sí sinimá ní 1920, wọ́n mọ ohun tó ń bá wọn sọ dáadáa.

Èmi náà mọ̀ ọ́n. Bẹ́ẹ̀dì ọmọ wa, orí íntánẹ́ẹ̀tì la ti rà á, inú páálí ló wà nígbà tó dé, ìwé wà nínú ẹ̀, sítíkà B wà lára pákó méjì tí wọn ò gùn bákan náà, nọ́ọ̀tì mẹ́ta ò sí ńbẹ̀ rárá, a pe àwọn tó tà á fún wa títí, wọn ò gbé e. Ọkọ mi wà nílẹ̀ láti aago méje alẹ́ títí dé mọ́kànlá, èmi ń bá a di tọ́ọ̀ṣì mú torí wọ́n ti mú iná lọ, oyún oṣù mẹ́jọ wà nínú mi, nígbà tó fi máa parí, ẹ̀gbẹ́ kan ga ju ìkejì lọ, káfíńtà ìsàlẹ̀ ilé wa ló bá wa tún un ṣe láàárọ̀. Torí ẹ̀ nígbà tí ilé Keaton kọ́kọ́ yọ lójú tẹlifíṣọ̀n, ọkọ mi ò rẹ́rìn-ín, ó kàn rọra mí kanlẹ̀.

Ẹ wo ilé náà o! Kò ní igun kan tó gún. Fèrèsé wọ́, òrùlé ò tó ilé, ilẹ̀kùn kan wà lókè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì tó ṣí sójú òfuurufú, ògiri kan wà tó ń yí po bí ilẹ̀kùn, síǹkì tó yẹ kó wà ní kíṣìnnì lẹ̀ mọ́ ara ilé níta gbangba. Tẹ́ ẹ bá wò ó láti iwájú dáadáa ó jọ ojú ẹni tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ fọ́ létí. Àwọn méjèèjì sì dúró síwájú ẹ̀, wọ́n wò ó, wọ́n tún wo ìwé ọwọ́ wọn, wọ́n sì wọlé lọ, torí ilé wọn kúkú ni.

Ohun tó pa mí lẹ́rìn-ín jù lọ kéré gan-an, ó ṣeé ṣe kẹ́ ẹ má tiẹ̀ kíyè sí i. Ọkọ ń kan kápẹ́ẹ̀tì mọ́lẹ̀. Ó ti kàn án yí yàrá ká tán kó tó rí i pé kóòtù òun wà lábẹ́ ẹ̀. Èmi tí mò ń wò rò pé á bẹ̀rẹ̀ sí í tú ìṣó ni, àmọ́ ńṣe ló gé kápẹ́ẹ̀tì yí ibi tó wú yẹn ká, ó fa kóòtù ẹ̀ yọ, ó fa rọ́ọ̀gì kékeré kan bo ihò náà, iṣẹ́ parí. Kò rẹ́rìn-ín, kò bínú, ojú ẹ̀ ò yí padà rárá. Ojú yẹn ló sọ ọ́ di olókìkí, òkúta ni wọ́n máa ń fi ojú ẹ̀ wé. Àwa tá a wo Baba Sala, aṣọ àti ojú aláwàdà ló ti máa ń bẹ̀rẹ̀ sí í pa wá lẹ́rìn-ín kó tó ṣe nǹkan kan, ti Keaton ò rí bẹ́ẹ̀, ó gbé ojú ẹ̀ kúrò lọ́nà kó o lè ráyè rí ohun tọ́wọ́ ẹ̀ ń ṣe.

Nígbà tí píánò dé ńkọ́? Ẹni tó gbé e wá ni Joe Roberts, ọkùnrin gìrìwò kan tó máa ń bá Keaton ṣeré, ó gbé odindi píánò sí èjìká bí ẹni gbé tìmùtìmù, ó gbé e lé ọkọ lọ́wọ́, ọkọ wọ abẹ́ ẹ̀ lọ. Báwo ni píánò ṣe máa wọlé báyìí? Ó so okùn mọ́ ibi tí iná kọ́ sí lájà, ó wá ń fà á, píánò ò kúrò lójú kan, àjà ló ń tẹ̀ bọ̀ wálẹ̀ bí ìkòkò tí wọ́n dojú ẹ̀ kọlẹ̀, nígbà tó tú okùn sílẹ̀ àjà fò padà sókè, ọkùnrin tó wà ní yàrá òkè bá ta bí ẹyin orí kànnàkànnà, orí ẹ̀ yọ sójú òrùlé. Ẹ má fojú fo ibẹ̀ yẹn, ẹ dá a padà wò.

Àmọ́ ìyàwó ni mo torí ẹ̀ kọ gbogbo èyí. Sybil Seely, ọmọ ogún ọdún nígbà yẹn. Ọ̀pọ̀ fíìmù àwàdà ayé ìgbà yẹn, tí ìyàwó bá ti wà nínú ẹ̀, yálà kó máa sunkún lórí àga tàbí kó máa fi igi lé ọkọ kiri, ti àwa náà ńbí ò fi bẹ́ẹ̀ yàtọ̀, ìyàwó oníjàgídíjàgan, ìyá ọkọ tó le bí ojú ẹja, a ti wò ó títí ó ti sú wa. Sybil yìí gun àkàbà, ó di òòlù mú, ó ń gbé pákó, ó ń dáná nínú ilé tí igun ẹ̀ ò pé, nígbà tí ọwọ́ ẹ̀ sì dilẹ̀ díẹ̀ ó ya àwòrán ọkàn sára ògiri ilé tó wọ́ yẹn. Ara ògiri tó wọ́! Ẹnì kan tó mọ̀ pé ilé ò dáa tó ṣì ń ṣe é lọ́ṣọ̀ọ́ torí àwọn méjèèjì ni wọ́n ni í, ibẹ̀ yẹn mú mi lọ́kàn.

Mo ti wò ó lẹ́ẹ̀mẹrin báyìí, mi ò sì rí ibi tí ọkọ ti bú ìyàwó nínú ẹ̀, mi ò rí ibi tí ìyàwó ti sọ pé ṣebí mo sọ fún ẹ. Gbogbo ayé ló ń bá wọn jà, Hank, píánò, afẹ́fẹ́, ilé fúnra ẹ̀, àwọn ò bára wọn jà. Tí ọ̀kan bá ṣubú ìkejì á sáré wá gbé e. Màámi ní, "ìyàwó yẹn mà ní sùúrù o." Wọ́n dákẹ́ díẹ̀, wọ́n tún ní, "ọkọ yẹn náà ní." Ọkọ mi gbọ́, kò sọ nǹkan kan, ó kàn na ẹsẹ̀ kan ìdí mi.

Ibì kan wà tí ìyàwó ń wẹ̀ nínú báàfù, ọṣẹ bọ́ lọ́wọ́ ẹ̀ sílẹ̀, ó fẹ́ nàgà mú un, ló bá rántí pé àwa wà níbí tá à ń wo òun. Ọwọ́ ẹnì kan bá yọ, ó bo ojú kámẹ́rà mọ́lẹ̀ títí ó fi mú ọṣẹ ẹ̀ tó padà jókòó, ó wá rẹ́rìn-ín sí wa. Ní 1920 o! Kò sí ìdọ̀tí kankan ńbẹ̀, ọmọdé lè wà níjòókòó, màámi rẹ́rìn-ín títí wọ́n fi fi ìborùn nu ojú.

Àwọn ìṣubú inú ẹ̀, Keaton fúnra ẹ̀ ló ń fara ẹ̀ ṣubú o. Láti kékeré ló ti ń bá bàbá àti ìyá ẹ̀ ṣeré lórí ìtàgé, bàbá ẹ̀ máa ń jù ú kiri lórí ìtàgé bí àpò gààrí, ibẹ̀ ló ti kọ́ béèyàn ṣe ń balẹ̀ tí egungun ò fi ní kán. Síbẹ̀, nígbà tó ṣílẹ̀kùn ilé ìwẹ̀ lókè tó tẹ ojú afẹ́fẹ́ tó sì já wálẹ̀ gbì, wọ́n ti gbẹ́ ihò síbi tó máa balẹ̀, wọ́n ti kó koríko gbígbẹ kún un, wọ́n ti fi koríko tútù bò ó kí kámẹ́rà má baà rí i, apá ẹ̀ ṣì wú lẹ́yìn ẹ̀. Ògiri kan tún wó lé e lórí, ojú fèrèsé ló bọ́ sí, ó kàn dúró síbẹ̀. Ní 1928 ó tún irú ẹ̀ ṣe pẹ̀lú ògiri tó tóbi gan-an, ìyẹn làwọn èèyàn máa ń pín kiri lórí Facebook, ẹ wo bó ṣe rí ní kékeré níbí.

Friday ọjọ́ kẹtàlá ni wọ́n fi ìṣílé sí, ọjọ́ tí òyìnbó gbà pé ó burú. Àlejò dé, wọ́n wọ aṣọ tó dáa, òjò bẹ̀rẹ̀, ilé ń jò, wọ́n ṣí agboòrùn nínú pálọ̀. Ìjì wá dé. Ilé bẹ̀rẹ̀ sí í yí. Ó kọ́kọ́ ń yí díẹ̀díẹ̀, ó wá ń sáré, àlejò ń fò jáde lọ́kọ̀ọ̀kan láti ẹnu ọ̀nà àti fèrèsé, ọkọ wà níta, ó fẹ́ wọlé, gbogbo ìgbà tó bá fò sí ẹnu ọ̀nà, ẹnu ọ̀nà ti lọ. Ọkọ mi ní kọ̀ǹpútà ló ṣe é, mo ní kọ̀ǹpútà wo ní 1920? Ilé gidi ni, orí irin tó ń yí bíi ti ẹ̀rọ rẹ́kọ́ọ̀dù ni wọ́n kọ́ ọ sí. Nígbà tí ilẹ̀ fi máa mọ́, òjò ti rẹ àwọn méjèèjì, wọ́n jókòó síta, wọ́n ń wo ohun tó ṣẹ́ kù lára ilé. Wọ́n fara ti ara wọn.

Ẹni tí ò bá fẹ́ mọ ìparí ẹ̀ kó fo ìpínrọ̀ yìí. Ọkùnrin kan dé, ó ní orí ilẹ̀ onílẹ̀ lẹ kọ́lé sí. Nọ́ńbà 99 ni Uncle Mike fún wọn, pátákó tí wọ́n rí ní 99 lára, orí ẹ̀ ló wà nísàlẹ̀, 66 ni, ilẹ̀ tiwọn wà ní òdì kejì ojú irin réluwé. Ó di dandan kí wọ́n wọ́ ilé náà lọ. Wọ́n fi àgbá ṣe táyà fún un, wọ́n so ó mọ́ mọ́tò, okùn já, ọkọ mú ìṣó ó kan mọ́tò mọ́ ilé, mọ́tò lọ, ara ẹ̀ kù sẹ́yìn. Bí ilé ṣe dé àárín ojú irin báyìí, kò lọ mọ́. Réluwé ń bọ̀. Wọ́n tì í, wọ́n fà á, kò mì. Wọ́n bá kúrò lọ́nà, wọ́n dìrọ̀ mọ́ra, wọ́n bojú. Réluwé kọjá fìà, ojú irin kejì ló gbà, kò fara kan ilé rárá! Màámi ní "Ọlọ́run ṣeun." Kí wọ́n tó sọ ọ́ tán, réluwé míì ti òdì kejì dé, ó gba àárín ilé kọjá, pákó fọ́n ká. Réluwé gidi ni, ilé gidi ni. Màámi dìde dúró. Ọkọ wo pákó tó wà nílẹ̀, ó gbé pátákó kan kalẹ̀ pé wọ́n ń ta ilé yìí, wọ́n rìn lọ díẹ̀, ó tún padà wá, ó fi ìwé tó ń sọ bí wọ́n ṣe ń tò ó síbẹ̀ fún ẹni tó bá máa rà á. Ó dìyàwó ẹ̀ lọ́wọ́ mú, wọ́n ń lọ. Fíìmù tán.

Mi ò ní sọ pé kò lábùkù. Níbẹ̀rẹ̀, nígbà tí wọ́n ń fò láti inú mọ́tò kan bọ́ sínú mọ́tò míì tí alùpùpù gba àárín kọjá gbé ọkọ lọ, ó dùn ún wò, àmọ́ ó pẹ́ díẹ̀ lójú mi, ilé ni mo fẹ́ rí. Hank náà, ẹni tó fa gbogbo wàhálà, ó dùn mí pé wọn ò jẹ́ ká mọ̀ ọ́n ju pé ó ń jowú lọ. Ìyẹn nìkan ni mo rí bù kù lára ẹ̀, mo fún un ní mẹ́sàn-án nínú mẹ́wàá. Òun sì ni fíìmù àkọ́kọ́ tí Keaton gbé jáde lẹ́yìn tó kúrò lábẹ́ aláwàdà kan tó ń jẹ́ Roscoe Arbuckle tó di ọ̀gá ara ẹ̀, kò tiẹ̀ tíì gbéyàwó nígbà yẹn, 1921 ló tó gbé e, mi ò mọ ibi tó ti rí ohun tó wà nínú fíìmù yìí kó. Ní 2008 ni Library of Congress, ilé ìkówèésí ìjọba Amẹ́ríkà, fi í sára àwọn fíìmù tí Amẹ́ríkà gbọ́dọ̀ tọ́jú, ó tọ́ sí i.

Tẹ́ ẹ bá fẹ́ wò ó, kò ní gbà yín lówó, ó wà lórí YouTube àti Internet Archive, àmọ́ ẹ ṣọ́ra fún kọ́pì. Èyí tá a kọ́kọ́ ṣí, ojú àwọn èèyàn ẹ̀ funfun báláú bí ẹni tó fi ẹfun kunra, wọ́n sì ń sáré bí èèrà, a ò mọ ẹni tó ń ṣe kí ni. Ẹ wá èyí tí wọ́n ti tún ṣe, tẹ́ ẹ ti lè rí ìlà ara pákó, dátà tó máa jẹ á lé díẹ̀, ó tó bẹ́ẹ̀. Orin tó bá wà lára ẹ̀, lẹ́yìn ni wọ́n fi sí i, nígbà yẹn ẹnì kan ló máa ń jókòó ti píánò nínú sinimá táá máa tẹ̀ ẹ́ bí àwòrán bá ṣe ń lọ. Tí orin náà bá ń dí yín lọ́wọ́, ẹ pa ohùn ẹ̀, ẹ jẹ́ kí ẹ̀rín àwọn ará ilé yín ṣe orin. Àwa pa á, torí ọmọ.

Nígbà tó tán, màámi ò dìde. Wọ́n ní, "ṣé wọ́n wá rí ilé míì gbé ni?" Mo sọ fún wọn pé òmíràn wà tí wọ́n ṣe ní 1921, The Boat, Keaton àti Sybil Seely ni tọkọtaya inú ẹ̀ náà, wọ́n ti bí ọmọkùnrin méjì, ọkọ̀ ojú omi ni ọkọ kàn lọ́tẹ̀ yìí. Aago mọ́kànlá ti kọjá, ọmọ ti sùn padà nínú bẹ́ẹ̀dì ẹ̀. Màámi fa ìborùn bo ẹsẹ̀, wọ́n ní, "fi í sí i."